Iṣẹ́ Ẹsẹ̀ Hakeem Ọlájuwọ́n

Bí wọ́n bá dárúkọ Hakeem Ọlájuwọ́n láàárín wa, gíga rẹ̀ ni wọ́n máa ń kọ́kọ́ fẹnu bà. Wọ́n á ní ẹni tó ga tó ẹsẹ̀ bàtà méje, kí ló tún kù tí kò fi ní rí bọ́ọ̀lù sọ sínú apẹ̀rẹ̀? Ọ̀rọ̀ náà máa ń dùn mí, torí pé ó ń gba iṣẹ́ ọkùnrin náà lọ́wọ́ rẹ̀, ó sì ń gbé e fún eegun. Nínú NBA, ìdíje àwọn tó ń fi bọ́ọ̀lù alápẹ̀rẹ̀ jẹun ní Amẹ́ríkà, ta ni kò ga? Ọ̀pọ̀ ọkùnrin tó ga bíi tirẹ̀, tàbí tó tilẹ̀ ga jù ú lọ, ló gba ibẹ̀ kọjá láàárín ọdún 1984 tó wọlé sí 2002 tó fẹ̀yìn tì, tí kò sí ẹni tó ń rántí orúkọ wọn mọ́. Ẹsẹ̀ ni Ọlájuwọ́n fi yàtọ̀. Bó ṣe ń gbé e, bó ṣe ń yí i, bó ṣe ń fi í da ẹni tó ń ṣọ́ ọ láàmú, ni àwọn ará Amẹ́ríkà sọ ní Dream Shake, nítorí The Dream ni ìnagijẹ rẹ̀ láti ìgbà tó ti wà ní yunifásítì. Èkó ni ẹsẹ̀ yẹn ti kẹ́kọ̀ọ́, nídìí eré mìíràn.

Ọjọ́ 21 oṣù kìíní ọdún 1963 ni wọ́n bí i. Salim àti Abíkẹ́ Ọlájuwọ́n ni àwọn òbí rẹ̀, Mùsùlùmí tí òwò sìmẹ́ǹtì ni wọ́n fi ń tọ́ ọmọ. Nígbà tó wà ní Muslim Teachers' College, eré méjì ló gbà á lọ́kàn: ó ń ṣọ́lé nínú bọ́ọ̀lù ẹlẹ́sẹ̀, ó sì ń gbá hándíbọ́ọ̀lù. Ó ti pé ọmọ ọdún 15 kí ó tó fọwọ́ kan bọ́ọ̀lù alápẹ̀rẹ̀ rárá. Lára àwọn ọmọ Amẹ́ríkà tó ń lé NBA, ọ̀pọ̀ ni yóò ti lo ọdún gbọọrọ nídìí eré náà kí wọ́n tó tó ọjọ́ orí yẹn. Àwọn tó ń sọ ìtàn rẹ̀ sábà máa ń ka èyí sí ìdíwọ́ tó borí. Lójú tèmi, ibẹ̀ gan-an ni agbára rẹ̀ ti wá.

Ẹni tí kò bá mọ hándíbọ́ọ̀lù lè máa fojú tín-ín-rín rẹ̀. Ènìyàn méje-méje ni wọ́n fi ń kojú ara wọn, aṣọ́lé wà lára wọn. Òfin kò gbà kí ẹni tó mú bọ́ọ̀lù lọ́wọ́ gbé ju ìṣísẹ̀ mẹ́ta lọ. Lẹ́yìn ìkẹta, kó jù ú, kó fún ẹlòmíràn, tàbí kó gbá a mọ́lẹ̀. Nítorí náà, ẹni tó bá mọ eré náà kì í fi ìṣísẹ̀ kankan ṣòfò. Àkọ́kọ́ ló fi ń tan ẹni tó dí i lọ́nà, ìkejì ló fi ń yí ibi tó dojú kọ padà, ìkẹta ló fi ń fò. Bó bá sì ti fò, kì í tètè ju bọ́ọ̀lù. Á mú un dání lókè, á máa wo aṣọ́lé, títí aṣọ́lé á fi kọ́kọ́ mira. Ẹni tó bá ti ṣe èyí lójoojúmọ́ nígbà ọ̀dọ́, tí ó wá dé ìdí bọ́ọ̀lù alápẹ̀rẹ̀, níbi tí òfin ìṣísẹ̀ ti le ju ti hándíbọ́ọ̀lù lọ, kò ní bá ara rẹ̀ jà. Ẹsẹ̀ rẹ̀ ti mọ bí wọ́n ṣe ń ná ìwọ̀nba tí wọ́n fún un.

Ṣíṣọ́lé náà ní ẹ̀kọ́ tirẹ̀. Aṣọ́lé tó mọṣẹ́ kì í tẹjú mọ́ bọ́ọ̀lù nìkan. Ìbàdí ẹni tó fẹ́ gbá a ló ń wò, torí pé ojú lè tannijẹ, orí lè tannijẹ, ṣùgbọ́n ibi tí ìbàdí bá kọjú sí ni bọ́ọ̀lù máa ń gbà lọ. Ó tún gbọ́dọ̀ mọ ìgbà tó yẹ kó jáde lójú ilé láti lọ dín àyè kù fún alátakò, àti ìgbà tó yẹ kó dúró. Bó bá yára jù, wọ́n á gbé bọ́ọ̀lù gba orí rẹ̀ kọjá. Bó bá pẹ́ jù, ó ti bọ́.

Nílé ẹ̀kọ́ tiwa níbí, bí ọmọ bá ti ga ju ẹgbẹ́ rẹ̀ lọ, abẹ́ apẹ̀rẹ̀ ni wọ́n á ní kó lọ dúró sí, kó máa nawọ́ gba bọ́ọ̀lù. Kò sẹ́ni tó ń kọ́ ọ bí wọ́n ṣe ń gbé ẹsẹ̀. Wọ́n á ní ti àwọn kúkúrú nìyẹn. Ọlájuwọ́n ríbi yẹ̀ ẹ́ nítorí pé kò sí ní ìdí eré náà ní àsìkò tí wọn ì bá fi sọ ọ́ di òpó ìdúró.

Ní 1980, ó lọ sí yunifásítì Houston ní ìpínlẹ̀ Texas, lọ́dọ̀ kóòṣì Guy Lewis. Kò gbá ìdíje ní ọdún àkọ́kọ́. Ìmọ̀ràn tí wọ́n fún un ni pé kó máa lọ sí gbọ̀ngàn ìṣeré kan nílùú náà, Fonde Recreation Center, níbi tí Moses Malone ti máa ń wá ṣeré nígbà ìsinmi. Nígbà náà, Malone wà lára àwọn agbábọ́ọ̀lù abẹ́ apẹ̀rẹ̀ tó lágbára jù lọ ní gbogbo ayé, ó sì ti gba àmì ẹ̀yẹ agbábọ́ọ̀lù tó pegedé jù lọ nínú NBA. Kò fi ọwọ́ jẹ́jẹ́ mú ọmọ Èkó náà. Ó ń tì í, ó ń fi ìbàdí gbá a kúrò lọ́nà, ó ń já bọ́ọ̀lù gbà lórí rẹ̀. Níbẹ̀ ni Ọlájuwọ́n ti rí i pé òun kò lè fi agbára borí irú ọkùnrin bẹ́ẹ̀, pé bí òun kò bá fẹ́ kí wọ́n máa tì òun, kí òun má dúró síbi tí wọ́n ti lè ti òun.

Ẹgbẹ́ yunifásítì náà, tí òun àti Clyde Drexler jọ wà títí di 1983, dé ìpele àwọn mẹ́rin tó kù nínú ìdíje àwọn yunifásítì lẹ́ẹ̀mẹ́ta léra, ní 1982, 1983 àti 1984, wọn kò sì gba ife lẹ́ẹ̀kankan. Ti 1983 ló dunni jù: North Carolina State fi 54 sí 52 borí wọn ní ìṣẹ́jú àáyá tó gbẹ̀yìn. Síbẹ̀ Ọlájuwọ́n ni wọ́n yàn ní agbábọ́ọ̀lù tó ta yọ jù nínú ìdíje náà, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ẹgbẹ́ rẹ̀ ló pàdánù. Nígbà tí àwọn ẹgbẹ́ NBA ń yan ọ̀dọ́ ní 1984, òun ni Houston Rockets kọ́kọ́ mú, Michael Jordan sì ṣe ìkẹta. Portland tó mú Sam Bowie ṣe ìkejì ni wọ́n ń dá lẹ́bi títí dòní. N kò tíì gbọ́ kí ẹnikẹ́ni bá Houston wí.

Ẹ jẹ́ ká wá wo iṣẹ́ náà fúnra rẹ̀.

Ẹ̀gbẹ́ apẹ̀rẹ̀, lápá òsì tàbí lápá ọ̀tún, ni Ọlájuwọ́n ti máa ń bẹ̀rẹ̀, ìṣísẹ̀ mélòó kan sí i, tó kẹ̀yìn sí i. Ẹni tó ń ṣọ́ ọ wà lẹ́yìn rẹ̀, ó ti fi apá gbe ẹ̀yìn rẹ̀, àyà rẹ̀ sì kàn án. Òfin bọ́ọ̀lù alápẹ̀rẹ̀ sọ pé ẹni tó bá mú bọ́ọ̀lù dání láìgbá a mọ́lẹ̀ gbọ́dọ̀ fi ẹsẹ̀ kan gúnlẹ̀ lójú kan. Èkejì ló lè máa gbé kiri. Bí ẹsẹ̀ tó gúnlẹ̀ bá ṣí kúrò, fèrè á dún, bọ́ọ̀lù á sì di ti alátakò. Ṣùgbọ́n bí ẹni náà bá fi ẹsẹ̀ méjèèjì balẹ̀ lẹ́ẹ̀kan náà nígbà tó gba bọ́ọ̀lù, òun fúnra rẹ̀ ni yóò yan èyí tí yóò fi gúnlẹ̀. Ọ̀pọ̀ agbábọ́ọ̀lù abẹ́ apẹ̀rẹ̀ kì í bìkítà fún àǹfààní kékeré yìí. Ọlájuwọ́n kọ́lé lé e lórí. Ẹni tó ń ṣọ́ ọ kò lè mọ ẹsẹ̀ tí yóò ṣí, torí pé òun náà kò tíì pinnu.

Ohun tó máa ń ṣe tẹ̀ lé e ni pé á gbọn èjìká kan sí àárín pápá, bí ẹni fẹ́ gba ibẹ̀ lọ. Bí ẹni tó wà lẹ́yìn bá fi ara tẹ̀ síbẹ̀, kódà kí ó jẹ́ díẹ̀, Ọlájuwọ́n á yí padà sí ìhà ìlà tó wà lẹ́yìn apẹ̀rẹ̀, á fò, á fi ara sẹ́yìn, á sì ju bọ́ọ̀lù gba orí rẹ̀. Bí ẹni náà bá tètè yí padà tó sì fò láti dí i, kò ní jù ú mọ́. Á dúró, bọ́ọ̀lù lókè, ẹsẹ̀ nílẹ̀. Nígbà tí alátakò bá wà lófuurufú, á yọ ẹsẹ̀ kejì gba abẹ́ apá rẹ̀ kọjá, á wá rọra fi bọ́ọ̀lù sí apẹ̀rẹ̀. Bí alátakò bá sì ti gbọ́n, tó kọ̀ láti fò, tó kọ̀ láti mira, nígbà náà àyè wà, á kàn ju bọ́ọ̀lù lójú rẹ̀ ni. Gbogbo ọ̀nà tí alátakò lè gbà ló ní èsì. Bí ọ̀ta ayò ṣe ń ti inú ọmọ tó kù nílé ẹlòmíràn mọ ibi tí òun yóò ti gbé, bẹ́ẹ̀ ni ọkùnrin yìí ń ti ara ẹni tó kàn án lẹ́yìn mọ ohun tó kàn. Kò nílò kí ó bojú wẹ̀yìn. Ìwúwo tó wà lẹ́yìn rẹ̀ ló ń sọ fún un.

Ibi tí ó ti ṣòro fún àwọn tó ń sín in jẹ nìyí. Ẹni tó bá fẹ́ tan ẹlòmíràn sábà máa ń tan ara rẹ̀ pẹ̀lú: bó bá gbọn èjìká sọ́tùn-ún, ara rẹ̀ á tẹ̀ lé e, á wá nílò àkókò láti gba ara rẹ̀ padà kó tó lọ sósì. Ní ti Ọlájuwọ́n, orí ń tannijẹ, èjìká ń tannijẹ, bọ́ọ̀lù ń tannijẹ, ṣùgbọ́n ẹsẹ̀ dúró sábẹ́ ara lọ́gbọọgba. Ìgbàkígbà tó bá wù ú ló lè fò. Ìwọ̀ntúnwọ̀nsì yìí ni mo ń pè ní iṣẹ́ ẹsẹ̀, kò sì sí bí ènìyàn ṣe lè fi gíga rọ́pò rẹ̀.

Ẹni tó jẹ ìyà rẹ̀ jù lójú gbogbo ayé ni David Robinson ti San Antonio Spurs, kò sì tọ́ kí wọ́n máa fi ṣe yẹ̀yẹ́ bí wọ́n ṣe ń ṣe, torí pé akọni ni. Ní ọdún 1995, òun ni wọ́n dìbò yàn ní agbábọ́ọ̀lù tó pegedé jù lọ nínú NBA. Ẹgbẹ́ rẹ̀ àti Rockets pàdé nínú ìdíje tó máa sọ ẹni tí yóò ṣojú ìwọ̀-oòrùn nínú àṣekágbá. Kí wọ́n tó gbá ìfẹsẹ̀wọnsẹ̀ kejì, ní San Antonio nílé Robinson, wọ́n gbé àmì ẹ̀yẹ náà fún un níṣojú àwọn ará ilé rẹ̀. Ọlájuwọ́n dúró, ó ń wò ó. Lálẹ́ ọjọ́ náà, ó gba àmì 41. Nínú wọn ni èyí tí wọ́n ń fi hàn lórí tẹlifíṣọ̀n títí di òní: Ọlájuwọ́n kọjú sí Robinson, ó gbá bọ́ọ̀lù mọ́lẹ̀, ó gbé e láti ọwọ́ kan sí èkejì, ó dúró ṣíkún, ó yí padà bí ẹni fẹ́ jù ú. Robinson fò. Bọ́ọ̀lù kò kúrò lọ́wọ́ Ọlájuwọ́n. Kí Robinson tó balẹ̀, ó ti gba abẹ́ rẹ̀ kọjá, bọ́ọ̀lù ti wà nínú àwọ̀n. Bí ẹ bá wo àwòrán náà, ẹ má wo bọ́ọ̀lù, ẹ wo ilẹ̀. Ẹ ó rí i pé kò sí ìgbà kan tí ẹsẹ̀ rẹ̀ yára ju bó ti yẹ lọ.

Ìfẹsẹ̀wọnsẹ̀ mẹ́fà ni wọ́n gbá. Àmì 35.3 ni ìpíndọ́gba Ọlájuwọ́n, Rockets sì borí ní mẹ́rin sí méjì. Lẹ́yìn náà ni wọ́n fi mẹ́rin sí òdo fọ́ Orlando Magic, ẹgbẹ́ Shaquille O'Neal, nínú àṣekágbá. Ipò kẹfà ni Rockets wà ní ìwọ̀-oòrùn nígbà tí ìdíje náà bẹ̀rẹ̀, kò sì tíì sí ẹgbẹ́ mìíràn tó ti irú ìsàlẹ̀ bẹ́ẹ̀ gba ife.

Ẹsẹ̀ kan náà ló fi ń ṣọ́. Ní 1994, nínú ìfẹsẹ̀wọnsẹ̀ kẹfà àṣekágbá, New York Knicks ti borí mẹ́ta sí méjì, ẹyọ kan péré ló kù fún wọn. Rockets ń léwájú pẹ̀lú 86 sí 84 nígbà tí John Starks ti Knicks gbé bọ́ọ̀lù lẹ́yìn ìlà àmì mẹ́ta láti jù ú. Bó bá wọlé, ó ti parí. Patrick Ewing ni Ọlájuwọ́n ń ṣọ́, ṣùgbọ́n ó fi í sílẹ̀, ó jáde sí Starks bí aṣọ́lé ṣe ń jáde sí ẹni tó já wọ ojú ilé, ó na apá, orí ìka rẹ̀ sì kan bọ́ọ̀lù. Kò dé apẹ̀rẹ̀. Rockets fi 90 sí 84 borí ní ìkeje, ife di ti Houston fún ìgbà àkọ́kọ́. Lọ́dún kan ṣoṣo yẹn, Ọlájuwọ́n gba àmì ẹ̀yẹ agbábọ́ọ̀lù tó pegedé jù, ti ẹni tó mọ ìṣọ́ jù, àti ti ẹni tó ta yọ jù nínú àṣekágbá. Kò tíì sí ẹlòmíràn tó kó mẹ́tẹ̀ẹ̀ta jọ lọ́dún kan. Bọ́ọ̀lù 3,830 ló dí kí wọ́n tó dé apẹ̀rẹ̀ nígbà ayé eré rẹ̀. Láti ìgbà tí NBA ti bẹ̀rẹ̀ sí ka irú rẹ̀, ní sáà 1973 sí 1974, kò sẹ́ni tó tíì dé ibẹ̀. Èyí tó wù mí jù ni 2,162 bọ́ọ̀lù tó já gbà lọ́wọ́ alátakò. Iṣẹ́ àwọn kúkúrú tó yára nìyẹn. Ẹni gíga tí ẹsẹ̀ rẹ̀ bá wúwo kò lè débẹ̀.

Ní 1991, ó tún orúkọ rẹ̀ kọ láti Akeem sí Hakeem, ìgbà yẹn náà sì ni ẹ̀sìn rẹ̀ túbọ̀ jinlẹ̀. Àwọn tó ń kọ̀wé nípa eré ìdárayá ní Amẹ́ríkà kò mọ ohun tí wọn yóò sọ nípa ààwẹ̀ rẹ̀. Báwo ni ẹni tí kò jẹun, tí kò mumi láti àfẹ̀mọ́júmọ́, ṣe máa bá àwọn òmìrán sáré? Ohun tí Mùsùlùmí nílẹ̀ Yorùbá mọ̀ bí ẹni mọ owó ló ṣe: ó ń jí jẹ sààrì, ó ń jẹ dàbínù, ó ń mu omi dáadáa kí ilẹ̀ tó mọ́. Ní ìgbà òtútù, tí sáà NBA ń lọ lọ́wọ́, oòrùn a máa tètè wọ̀. Ọ̀pọ̀ ìfẹsẹ̀wọnsẹ̀ alẹ́ ló jẹ́ pé ó ti ṣínu kí wọ́n tó fọn fèrè. Ti ọ̀sán ló le, torí pé yóò gbá a tán láìfi omi kan ètè. Ní 1995, ọjọ́ kìíní oṣù kejì ni ààwẹ̀ bẹ̀rẹ̀. Nígbà tí oṣù náà parí, òun ni NBA yàn ní agbábọ́ọ̀lù oṣù náà. Ó máa ń sọ pé ara òun máa ń fúyẹ́ sí i lásìkò ààwẹ̀. Mo gbà á gbọ́. Ẹni tó ń fi ẹsẹ̀ àti làákàyè ṣeré á jèrè fífúyẹ́ ju ẹni tó ń fi ìwúwo ara ti ènìyàn lọ.

Bó ṣe ń ṣọ́ ẹsẹ̀ náà ló ṣe ń ṣọ́ owó. Ó fọwọ́ sí i kí Spalding fi orúkọ rẹ̀ ta bàtà eré tí kò wọ́n, ní àsìkò tí bàtà àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ń ná àwọn òbí lówó gọbọi. Ilé àti ilẹ̀ ló fi ń ṣòwò ní Houston, owó ọwọ́ rẹ̀ ló sì ń fi rà wọ́n, kò gba ẹ̀yáwó tó ní èlé, nítorí Islam kò gbà á. Ilé ńlá kan tó jẹ́ ti báńkì tẹ́lẹ̀ láàárín ìlú náà wà lára ohun tó rà, ó sì sọ ọ́ di mọ́ṣáláṣí. Lẹ́yìn sáà kan pẹ̀lú Toronto Raptors, ẹ̀yìn tó ń dùn ún jẹ́ kó fi eré sílẹ̀ ní 2002. Ó lọ gbé ní Jọ́dánì láti kọ́ èdè Lárúbáwá. Ní 2008 ni wọ́n gbé orúkọ rẹ̀ sí ilé àwọn akọni bọ́ọ̀lù alápẹ̀rẹ̀.

Láti ìgbà náà ni àwọn tó ṣì wà lẹ́nu eré ti ń tọ̀ ọ́ lọ ní Houston nígbà ìsinmi, kó kọ́ wọn ní ẹsẹ̀. Kobe Bryant lọ ní 2009, lẹ́yìn tó ti gba ife mẹ́rin. Dwight Howard tẹ̀ lé e ní 2010. LeBron James lọ ní 2011, lẹ́yìn tí Dallas ṣẹ́gun ẹgbẹ́ rẹ̀ nínú àṣekágbá tí gbogbo ènìyàn sì ń bú u pé kò mọ bí wọ́n ṣe ń ṣeré nítòsí apẹ̀rẹ̀. Ní 2012, ó gba ife àkọ́kọ́ rẹ̀. Nínú fídíò tó wà níta nípa ẹ̀kọ́ wọ̀nyí, Ọlájuwọ́n, ẹni tó ti lé ní ogójì ọdún dáadáa, á wọ ṣòkòtò gígùn, á dúró, á gbọn èjìká, á yí padà, á sì ní kí ọmọ iṣẹ́ ṣe é. Wọ́n á ṣe é. Á ní kí wọ́n rọra. Ohun tó sábà máa ń bá wọn wí lé lórí ni pé wọ́n ti pinnu ibi tí wọ́n ń lọ kí bọ́ọ̀lù tó dé ọwọ́ wọn.

Ẹni tó jọ ọ́ jù nínú àwọn tó tẹ̀ lé e kò wá láti Amẹ́ríkà. Joel Embiid, ọmọ Yaoundé ní Kamẹrúùnù, ń gbá fọ́líbọ́ọ̀lù àti bọ́ọ̀lù ẹlẹ́sẹ̀ títí ó fi tó nǹkan bí ọmọ ọdún 15 kí ó tó dé ìdí apẹ̀rẹ̀. Kóòṣì kan fún un ní fídíò tí Ọlájuwọ́n wà nínú rẹ̀, ó ń wò ó ní àwòtúnwò, ó ń lọ ṣe é. Ní 2023, wọ́n yan Embiid ní agbábọ́ọ̀lù tó pegedé jù lọ nínú NBA.